Àgbò Aláwọ̀ Wúrà Tí Mo Ṣèlérí fún Àna Rẹ

Asawase, Kumasi,
Ọjọ́ Ajé, ó ku ọjọ́ mẹ́sàn-án kí a ṣe Iléyá.

Yaseer ọmọ mi,

Asalamu alaikum. Mo kí ọ, mo kí orí tó sìn ọ́ dé Accra, mo kí ọ̀gá rẹ níbi iṣẹ́, mo sì kí onílé rẹ náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé inú mi kò dùn sí bó ṣe ń bu owó iná lé yín lórí. Ọba tó ń bọ́ èèrà nínú ihò kò ní gbàgbé rẹ nínú yàrá kan tí o háyà sí Madina yẹn. Ara èmi le, àfi orúnkún tó ń dún bí ilẹ̀kùn tí wọn kò fi epo sí. Ìyá rẹ náà wà, ó ní kí n bi ọ́ bóyá o ń jẹun, torí ohùn rẹ nígbà tí o pè kẹ́yìn jọ ti ẹni tó mu gàrí sùn.

O ó máa wò ó pé kí ló kó bàbá mi sí lẹ́tà kíkọ nígbà tí fóònù wà nílẹ̀. Ìdí rẹ̀ ni pé wọ́n ti sọ fún mi pé inú fóònù rẹ ni ẹran yẹn ń gbé. N kò fẹ́ pè ọ́ kí agogo rẹ̀ lọ ta ẹran jí lójú oorun, kó já okùn, kó wá di pé èmi ni mo lé e lọ. Má rẹ́rìn-ín o. Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ yìí, bí o bá fi ẹ̀rín sí i, ìyàwó lè bọ́ lọ́wọ́ rẹ. Jókòó kí o kà á dáadáa.

Ilé kọ́kọ́ ná. Òjò oṣù tó kọjá ṣí páànù méjì lórí kíṣìnì Maame Efua, ayálégbé wa tó ń ta kẹ́ńkẹ́, ó sì ń wò mí bíi pé èmi ni mo rán òjò náà. Àbúrò rẹ Hàlímọ̀ mú mi lọ sí báǹkì pé kí n wá fọwọ́ tẹ ẹ̀rọ kan kí wọ́n lè mọ̀ pé èmi ni mo ni owó mi. Mo tẹ̀ ẹ́, ẹ̀rọ ní òun kò rí ìka mi. Mo nu ún, mo tún tẹ̀ ẹ́, ó ní òun kò rí i. Ogójì ọdún ni mo ti ń fi ìka yìí ta àgádágodo ní Kejetia, gbogbo ọjà ló ń rí i, ẹ̀rọ kan tí wọ́n gbé dé àná ní òun kò rí i! Mo ní kí wọ́n ra gíláàsì fún un. Wọ́n ní kí n padà wá lẹ́yìn Iléyá.

Ó dára, ká padà sórí ẹran. Ní Sátidé, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn, o pè mí, o ń pariwo bí ẹni tí ìyàwó rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bí ìbejì. O ní, Bàbá, mo ti rí i! O ní oṣù márùn-ún lo ti ń wá a. O ní àwọn tó jẹ́ aláwọ̀ ilẹ̀ tí o ti kọjá lára wọn lé ní ẹgbẹ̀rún mẹ́rin kí eléyìí tó yọ sí ọ. O ní ara rẹ̀ pọ́n bíi wúrà, ìwo rẹ̀ ká méjì, ẹyinjú rẹ̀ rí bí aró. Mo bi ọ́ pé irú ẹran wo ni, o ní ó jọ àgbò. O ní ẹnì kan fẹ́ fi ẹgbẹ̀rún mẹ́ta sídì gbà á lọ́wọ́ rẹ, o kọ̀ jálẹ̀. Mo fẹ́ bi ọ́ pé níbo lo so ó mọ́, ni kírẹ́díìtì bá tán.

Wò ó, Yaseer, Iléyá ń bọ̀ lọ́nà, ọmọ ẹni ní òun rí àgbò. Kí ni bàbá tó ní làákàyè yóò rò?

Ìwọ náà mọ ibi tí bàtà ti ń ta wá lẹ́sẹ̀. Ó di ọdún kẹta tí a ti gbé obì lọ sọ́dọ̀ Alhaji Tèslìmù ní Aboabo, pé a fẹ́ ọmọ rẹ̀ Tòyíbàt fún ọ. Ẹni tó ń fẹ́ ọmọ ẹni, àgbò ló fi ń kí ni ní Iléyá, bí wọ́n ṣe ń ṣe é l'Ógbòmọ̀ṣọ́ nìyẹn, bí wọ́n ṣe gbé e dé Kumasi náà nìyẹn. Ọdún kìíní, o mú àgbò wá, ó yẹ wá. Ọdún kejì, òbúkọ lo mú wá, o ní ojú ọjà le, Alhaji gbà á, ó yínmú díẹ̀. Èṣí ńkọ́? Èṣí, àwòrán àgbò lo fi ránṣẹ́ sí wọn lórí fóònù pẹ̀lú ìkíni Iléyá, tí òdòdó yí i ká. Alhaji jókòó sẹ́nu ọ̀nà títí di Màgàríbà, ó ń retí ẹran tí wọ́n ya àwòrán rẹ̀. Ojú tì mí débi pé ọ̀nà ẹ̀yìn ni mo ń gbà lọ kírun fún oṣù kan.

Nítorí náà, ọjọ́ tí o pè mí yẹn, n kò parí oúnjẹ mi. Mo wọ bàtà òdì, mo gba Aboabo lọ. Mo bá Alhaji níbi tó ti ń ka àwọn abọ́ tánganran tó ń tà. Mo ní, Alhaji, ọmọ yín Yaseer ti rí àgbò oníwúrà! Mo ní ẹgbẹ̀rún mẹ́rin ló yẹ̀ wò kó tó mú u. Mo ní ẹ̀yin ló wà fún. Wallahi, bí mo ṣe ń sọ ọ́ ni ẹnu mi ń dùn sí i, n kò mọ ìgbà tí mo fi ìbú àtẹ́lẹwọ́ mi méjì wọn ìwo rẹ̀ fún wọn. Ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá bọ́ sílẹ̀ kì í ṣeé kó. Tèmi kò tilẹ̀ bọ́, èmi ni mo fọwọ́ ara mi jù ú sílẹ̀.

Àgbò funfun méjì wà ní ìdè ní àgbàlá Alhaji lọ́jọ́ náà. Ànwár ló so wọ́n síbẹ̀, Ànwár tó ń ta táyà, tó ti ń yọjú sí Tòyíbàt láti bí ọdún kan. Alhaji wo àgbò méjèèjì, ó ní kí wọ́n tú wọn, kí wọ́n dá wọn padà fún Ànwár. Ó ní gbogbo ayé ló ń pa funfun, ilé òun kì í ṣe ibi tí wọ́n ń kó ohun tó wọ́pọ̀ wá. Èmi náà bá wọn tú okùn.

Lẹ́yìn ìyẹn, ọ̀rọ̀ kúrò lọ́wọ́ mi. Alhaji kun géètì rẹ̀ ní ọ̀dà. Ó háyà ọgọ́rin àga, ó ní àwọn ará Fante New Town ń bọ̀ wá wò ó. Nígbà tó fi máa di Jímọ̀, ẹnì kan ti ń sọ ní mọ́sálásí pé láti Mẹ́kà ni wọ́n ti gbé ẹran náà wọ bàálù, pé ó ní ìwé ìrìnnà tirẹ̀. Maame Efua gbá ọwọ́ mi mú, ó ní wo ba no ayɛ adeɛ, pé ọmọ mi gbìyànjú, ó sì gbàgbé ọ̀rọ̀ páànù fún ọjọ́ méjì. Àfáà ní kí n bi ọ́ bóyá ó ti pààrọ̀ eyín, bóyá ìwo rẹ̀ kò sì kán, torí ẹran tó lábùkù kò tọ́ sí Iléyá. Èmi ti kan ọgbà fún un lẹ́yìn ilé, mo fi àgádágodo méjì sí i, irú èyí tí n kì í tà láwìn.

Ọ̀rọ̀ ọkọ̀ ló tú àṣírí. Dírẹ́bà ní òun kì í kó ẹran mọ́ èrò, ni mo bá lọ bá Kojo tó ń tún fóònù ṣe ní Fante New Town kó bá mi kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí ọ, kí o lè wá ọkọ̀ ẹrù. Mo ṣàlàyé irú ẹran tó jẹ́ fún un, ìwo, àwọ̀, ojú aró. Kojo fi ohun tó fi ń tú fóònù sílẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín, ó di inú mú, ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ó ní, Ei, Papa, ẹran yẹn kò lè wọ ọkọ̀ o, inú fóònù ló wà.

Ẹ̀rù kò bà mí. Bí owó bá lè gbé inú fóònù, tí ìyá rẹ ń fi mómò ra ata láìyọ kọ́bọ̀ jáde, kí ni kò ní jẹ́ kí àgbò gbé ibẹ̀? Ohun tí mo kàn bi Kojo ni báwo ni ẹ ṣe ń palẹ̀ ìgbẹ́ rẹ̀ mọ́. Kojo mú fóònù tirẹ̀ jáde, ó ní òun náà ń sìn wọ́n nínú eré kan níbẹ̀. Ọ̀ọ́dúnrún ó lé méjìlá! Kojo yẹn, tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò gba èèyàn mẹ́ta ní ìdúró! Mo ka díẹ̀ nínú wọn fúnra mi, ara wọn dá, wọ́n ń mí. Ọkàn mi lọ sí zakat lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Àfáà ti kọ́ wa: ogójì àgùntàn, yọ ọ̀kan, ọgọ́fà ó lé kan, yọ méjì, igba ó lé kan, yọ mẹ́ta. Kojo, Kìrìsìtẹ́nì ni, ó bọ́. Ìwọ ńkọ́, Yaseer? Mélòó lo ní nínú fóònù náà, ọdún mélòó ni o kò tíì yọ zakat wọn? Má jẹ́ kí wọ́n fi ẹran tí èèyàn kò lè jẹ mú ọ lọ́run.

Mo wá bi Kojo pé oníwúrà yìí, kí ló fi ju àwọn yòókù lọ? Ṣé ẹran rẹ̀ dùn jù ni? Ó ní wọn kì í jẹ ẹ́. Ṣé ó lágbára jù? Ó ní agbára kan náà ni. Ṣé ó ń sáré jù? Ó ní rárá, Papa, àwọ̀ nìkan ni. Ọ̀rọ̀ yẹn kò ṣàjèjì sí mi, ó ti ṣẹlẹ̀ nínú ilé wa. Ṣebí àbúrò mi Ṣẹ̀rífù kọ ọmọbìnrin mọ́kànlá nílùú yìí torí pé wọ́n dúdú, tó wá lọ gbé apọ́nbéporé kan láti ọ̀nà jíjìn. Ọdún kejì, ìpara tán, obìnrin náà dúdú ju èmi lọ. Títí di òní, Ṣẹ̀rífù ló ń ra ìpara.

Ṣùgbọ́n n kò ní parọ́ fún ọ. Kojo fi fóònù lé mi lọ́wọ́, ó ní kí n ju bọ́ọ̀lù lu ọ̀kan tó ń jẹko. Mo jù ú, ẹran wọnú bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù mì lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ó dákẹ́. Mo kígbe Allahu akbar débi pé àwọn oníbàárà Kojo sá síta. Ó dùn, ọmọ mi, ó dùn gan-an! Mo jókòó síbẹ̀ títí di Àsárì, mo mú mẹ́rìnlá, ṣọ́ọ̀bù mi wà ní títì ní Kejetia, ìyá rẹ ló wá mú mi lọ sílé bí ẹni mú ọmọ níbi eré. Mo mọ ohun tó ń ṣe ọ́ báyìí. Ohun tó bá wu ni ní í pọ̀ nínú ọrọ̀ ẹni.

Hàlímọ̀ ló wá sọ fún mi pé dátà ni wọ́n ń jẹ, pé ibẹ̀ ni owó oṣù rẹ ń bá lọ. Mo ní tó bá jẹ́ oúnjẹ ẹran lásán ni, bàbá rẹ lè ràn ọ́ lọ́wọ́. Mo gbé àpò kan, mo lọ sí ìsọ̀ tí wọ́n ti ń tà á lẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́sálásí. Ọmọbìnrin ibẹ̀ gba owó lọ́wọ́ mi, ó gba nọ́ńbà mi, ó ní ó ti wọlé. Mo ya ẹnu àpò, mo dúró. Ó ní, Bàbá, mo ní ó ti wọlé. Mo wo inú àpò, kò sí nǹkan kan. Abájọ tí ẹran yẹn kò fi sanra.

Nígbà tó di àná, mo ní kò yẹ kí àgbà máa sá kiri. Mo padà lọ sí Aboabo, mo jókòó níwájú Alhaji, mo jẹ́wọ́ pé inú fóònù ni àgbò wà, kò sì lè jáde. Mo ti rò pé yóò lù mí. Ó bi mí pé èló ni wọ́n ní àwọn fẹ́ rà á? Mo ní ẹgbẹ̀rún mẹ́ta. Ó ní kí o tà á, kí o fi ra màlúù, òun yóò sọ fún àwọn ará Fante New Town pé màlúù ló bí àgbò náà. Ó sì ti rán ènìyàn sí Ànwár lábẹ́lẹ̀ pé kó dá àwọn àgbò funfun yẹn padà. Ànwár ní òun ti tà wọ́n. Bí mo ṣe ń kọ ìwé yìí, Alhaji ní ọgọ́rin àga àti géètì tuntun, kò sì ní ẹran kankan.

Mo jáde, Tòyíbàt sìn mí dé oríta. Kì í sábà sọ̀rọ̀, o mọ̀ ọ́n. Lánàá, ó sọ ọ́. Ó ní Sátidé tí o rí ẹran yẹn, ọjọ́ tí o pè mí gan-an, ni òun ṣí ṣọ́ọ̀bù ìránṣọ òun. Ó ní òun ti dá ọjọ́ náà fún ọ láti oṣù méjì, òun gbé àga rẹ síwájú. O ní iṣẹ́ kò jẹ́ kí o wá. Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, o fi àwòrán ẹran náà ránṣẹ́ sí i, o ní kó bá ọ yọ̀, pé o kò kúrò lórí àga láti àárọ̀ nítorí pé bí o bá dìde, o ó gbàgbé iye tí o ti kà. Òun náà bá ọ yọ̀. Ó ní òun kọ ọ́ sí ọ pé ó ṣẹwà.

N kò mọ̀ ọ́n, Yaseer. Ìwọ kò sọ ọ́ fún mi. Mo ń fi ẹnu mi gbé ọ ga kiri Asawase lórí ọjọ́ tí o fi ọmọ ọlọ́mọ sílẹ̀ pẹ̀lú àga òfìfo níwájú èrò. Inú bí mi, mo fẹ́ bú ọ níbẹ̀, ojú Tòyíbàt ni kò jẹ́ kí n bú ọ. Kò sunkún rárá. Bó bá sunkún, n bá bẹ̀ ẹ́, mo mọ bí wọ́n ṣe ń bẹ ẹni tó ń sunkún. Ojú rẹ̀ gbẹ, ìyẹn ló bà mí lẹ́rù.

Ó ní, Bàbá, n kò bá ẹran jà o, kó máa sìn ín. Ó ní bí o bá wá fúnra rẹ, òun kò béèrè àgbò. Ó ní bí o bá fi àgbò ránṣẹ́ tí o kò wá, ì báà ṣe wúrà ògidì, òun fúnra òun ni yóò bá bàbá òun gbé obì wa padà wá fún mi lẹ́yìn ìrun Iléyá. Ó ní Àlàmísì yìí, òun yóò ti ṣọ́ọ̀bù, òun yóò dúró ní páàkì láti aago méjì títí ọkọ̀ Accra tó kẹ́yìn yóò fi já èrò. Ó ní òun kò ní pè ọ́. Ó kúnlẹ̀ kí mi, ó padà sílé.

Mo ti ra àgbò kan láàárọ̀ yìí. Aláwọ̀ ilẹ̀ ni, kò sí ohun ìyanu kankan lára rẹ̀, ó ti jẹ okùn bàtà mi. Owó tí mo fẹ́ fi tún orúnkún ṣe ni mo fi rà á, nítorí náà kí o fi owó rẹ̀ ránṣẹ́ kí n lè lọ rí dókítà, kí o fi owó páànù méjì Maame Efua sí i, ìyá rẹ sì ní kí o má gbàgbé ti èpo ẹ̀gẹ́ tí ẹran ń jẹ. Ṣùgbọ́n má fi í gba inú fóònù tí àwọn ẹran wà o. Owó àti ewúrẹ́ kì í sùn yàrá kan. Yá fóònù ẹlòmíràn.

Dírẹ́bà tí mo fi ìwé yìí rán máa dé ọ̀dọ̀ rẹ lọ́la. Kí Ọlọ́run dá ẹ̀mí rẹ sí, kó fi ìfẹ́ ilé sí ọ lọ́kàn, kó má jẹ́ kí ohun tí o ń wá ná ọ ní ohun tí o ti ní. Kó jẹ́ kí èmi àti ìyá rẹ fi ọwọ́ wa gba ọmọ rẹ. Àmín, àmín, yà Ọlọ́run.

Ìlérí méjì ni mo ti fi orúkọ rẹ ṣe láàárín oṣù kan. Tàkọ́kọ́, n kò mọ ohun tí mo ń sọ, gbogbo Aboabo ni yóò fi mí rẹ́rìn-ín, mo sì gbà á. Èkejì, Tòyíbàt ni mo ṣe é fún ní oríta lánàá. Mo ní o máa wá. Ó wo ojú mi pẹ́, ó ní, ṣé Yaseer ló sọ bẹ́ẹ̀, Bàbá, tàbí ẹ̀yin?

Èmi ni bàbá rẹ,
Àfísù.